Ipò Tuntun Tí Àwọn Ọ̀gá Rẹ Gbé Wá Sílé

Ọmọ mi ọ̀wọ́n, ọkọ mi, panápaná tí iná ń sá fún,

Ṣé dáadáa lo wà? Ṣé iṣẹ́ ń lọ déédéé? Àwa náà wà, àfi orúnkún mi tó ń dún bí ilẹ̀kùn tí kò rí epo, àti ẹsẹ̀ bàbá rẹ tó ṣì wú. Iná tó ò ń pa fún ọmọ aráyé kò ní jó ọ o. Bí ẹsẹ̀ rẹ ṣe ń wọlé, bẹ́ẹ̀ ni yóò máa jáde. Àmín.

Ìwé ni mo kọ, torí obìnrin tó ń gbé inú fóònù rẹ kò jẹ́ kí n rí ọ bá sọ̀rọ̀ mọ́. Mo kí i, mo ní ìyá rẹ ni mí, kò dáhùn, ó kàn ń wí pé ẹni tí mò ń pè kò sí. Ohùn rẹ̀ dùn, ṣùgbọ́n kò lẹ́kọ̀ọ́. Tó bá jẹ́ ìyàwó ọ̀la rẹ ni, sọ fún un pé báyìí kọ́ là ń ṣe sí ìyá ọkọ.

Ìròyìn ayọ̀ ni mo mú wá. Àwọn ọ̀gá rẹ ti fún ọ ní ipò tó o tìtorí rẹ̀ pè wọ́n lẹ́jọ́! Bó pẹ́ bó yá, akólòlò á pe baba. Gbogbo fàá-ká-já-a tí ìwọ àti àwọn ń bá ara yín fà ní kóòtù ti tán. Wọ́n ní ọdún tó o fi wa ọkọ̀ agbómi panápaná kò sí lára ọdún iṣẹ́ rẹ, pé o ò tíì tó ẹni à ń gbé ga, tí àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ wá ń pàṣẹ fún ọ. Mo máa ń bi ara mi pé ta ló gbé omi lọ síbi iná nígbà náà, àbí omi fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn lọ ni? Lọ́yà rẹ sọ fún wa pé adájọ́ ti ń fojú rere wò ọ́, pé tó o bá jàre, gbogbo awakọ̀ omi yòókù ló máa gba ẹ̀tọ́ tiwọn, ìdí nìyẹn tí inú fi ń bí àwọn ọ̀gá rẹ. Irọ́ ló pa. Inú wọn dùn tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi gbéra wá kí wa nílé.

Ọjọ́bọ̀ ni. Òwúrọ̀ ọjọ́ náà lo pè mí tó o fi orúnkún mi ṣe yẹ̀yẹ́. Nígbà tó di ọ̀sán, ọkọ̀ dúdú kan dúró níwájú ilé, àwọn ọ̀gá mẹ́rin sọ̀ kalẹ̀, aṣọ wọn gún régé. Ajá wa kò gbó wọn, abẹ́ àga ló sá sí. Wọ́n ṣí fìlà lórí fún èmi tí mo di igi ìdáná mú lọ́wọ́. Ọ̀gá àgbà di ọwọ́ mi mú, ọwọ́ rẹ̀ tutù bí omi kànga, ó ní kí n gba kámú. Mo ní a ti gba kámú tipẹ́, láti ọjọ́ tí ẹjọ́ ti bẹ̀rẹ̀. Wọ́n wá gbé fìlà tuntun rẹ fún mi, pẹ̀lú fọ́tò rẹ ńlá nínú férémù dúdú. Mo bi í bóyá adájọ́ ti dá ẹjọ́ náà. Ó ní ẹjọ́ ti parí, pé irú ìgbéga yìí kì í béèrè ọdún iṣẹ́, kì í béèrè ìdánwò, kò sì sẹ́ni tó gbà á rí tó tún padà sí kóòtù. Mo dúpẹ́ títí omi fi bọ́ lójú mi.

Èmi tí ẹnu mi kì í dákẹ́, mo ní àní òwúrọ̀ yìí gan-an lọmọ mi pè mí, kò tiẹ̀ mẹ́nu bà á. Wọ́n ń wo ara wọn. Ọ̀gá àgbà wá rọra béèrè ibi tó o ti pè, ibi tó ò ń sùn, ọ̀nà tó ò ń gbà lọ síbi iṣẹ́. Mo sọ gbogbo rẹ̀, títí kan ilé ọ̀rẹ́ rẹ télọ̀ tó o ní kí n má dárúkọ fún ẹnikẹ́ni. Ọ̀gá ẹni kì í ṣáà ṣe ẹnikẹ́ni. Wọ́n ní àwọn fẹ́ lọ bá ọ lójijì, pé àwọn á sì gbé ọ wálé fúnra wọn. Láti ìgbà náà ni obìnrin yẹn ti jókòó sínú fóònù rẹ.

Bàbá rẹ kò bá mi yọ̀. Ó kọjú sí ògiri, kò jẹun, ó ní kí n kọ̀wé sí ọ pé kí o sá. Mo ní kó sá fún kí ni? Ó fa aṣọ borí. N kò ní purọ́ fún ọ, ẹ̀rù rẹ̀ ba èmi náà díẹ̀.

Àwọn tí àwọn ọ̀gá rẹ rán ti wá gbẹ́lẹ̀ lẹ́yìn ilé, lábẹ́ igi ọsàn. Mo rò pé ibi tí wọ́n á máa gbé mọ́tò rẹ sí ni, ṣùgbọ́n ó há, ó sì jìn. Wọ́n béèrè bó o ṣe ga tó, mo fi ara ilẹ̀kùn júwe fún wọn, mo ní ọmọ mi sígbọnlẹ̀, kí wọ́n má gbẹ́ ẹ kéré. Wọ́n ní ó máa gbà ọ́.

Jọ̀ọ́, fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ ká fi yá àga, torí wọ́n ní èrò máa pọ̀, wọ́n á sì fun fèrè fún ọ. Má fi í sí báńkì o, ẹ̀rọ ara ògiri wọn máa ń bi mí ní ọ̀rọ̀ àṣírí lójú gbogbo ayé. Fún awakọ̀ tó gbé ìwé yìí wá.

Ọlọ́run tó gbé ọ ga kò ní sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Kò sẹ́ni tó máa gba ipò yìí lọ́wọ́ rẹ mọ́ láéláé. Máa bọ̀, ọmọ mi. Ilé ti mọ́, ilẹ̀ ti wà ní gbígbẹ́, ìwọ nìkan la ń dúró dè.

Èmi ni, ìyá rẹ tí inú rẹ̀ ń dùn.