Ẹni Tó Kú Nínú Agbádá Rẹ

Bantè, oṣù kọkànlá, 1986

Gafarou ọmọ mi,

Àsàlámù àlékùm. Ṣé ara le ní Kutonu? Àwa wà ní àlàáfíà, ìyá rẹ ń kí ọ, iṣu ta dáadáa ní oko Atokoligbé, Ọlọ́run yóò jẹ́ kí o wá jẹ nínú rẹ̀.

Lẹ́tà tí o kọ nípa fíìmù yín dé ọwọ́ mi, gbogbo wa sì wọ ọkọ̀ lọ sí ilé Tairou, bàbá àfẹ́sọ́nà rẹ, ní Savalou, nítorí òun ló ní tẹlifíṣọ̀n. A wò títí, a kò rí ojú rẹ. Tairou ní ẹni tí a kò rí nídìí iṣẹ́ ara rẹ̀ kò níṣẹ́ lọ́wọ́, òun kò sì lè fi Houlératou fún alárìnkiri. Ojú tì mí. Mo ṣàlàyé pé ìwọ lo ń gbé iná, ìwọ lo ń wa ọkọ̀ wọn, ìwọ lo ń wá aṣọ fún wọn, o tún ń mú ohùn wọn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé n kò mọ ibi tí ẹ ń di ohùn ọ̀hún sí.

Ibẹ̀ la wà tí ọkùnrin kan fi jáde nínú fíìmù náà, agbádá tí mo fọwọ́ ara mi ṣe iṣẹ́ ọnà sí lọ́rùn fún ọ nígbà Iléyá ló wọ̀! Kò pẹ́ ni wọ́n yìnbọn fún un, ó sì kú. Ẹni tó bá kú nínú aṣọ ilé wa, òkú wa ni. Mo bẹ Ààfáà Sànní, wọ́n ṣe àdúrà fìdáù fún un, ìyá rẹ din àkàrà sàráà, àwọn ará abúlé Bobè pàápàá wá kí wa kú ará fẹ́ra kù. Lọ́sẹ̀ kejì Tairou ránṣẹ́ pè wá kíákíá: ọkùnrin yẹn tún ti jáde nínú tẹlifíṣọ̀n, ó ń jẹun! Ààfáà ní àdúrà àwọn ló jí i. Èmi kò bá wọn jiyàn.

Nígbà tí a dé ọ̀dọ̀ Tairou, mo bi í pé agbádá tí òun alára wọ̀ yìí, ta ló ṣe ọnà ọrùn rẹ̀? Ó ní èmi ni. Mo ní nígbà tí òun wọ̀ ọ́ lọ kírun ní Yídì, tí gbogbo Savalou ń yin òun, ta ló rí mi níbẹ̀? Ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí o wá gbé ìyàwó rẹ. Ọmọ mi, inú mi dùn sí ọ gan-an, iṣẹ́ èmi bàbá rẹ náà lo ń ṣe.

Jọ̀ọ́, fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ fún òwú, àti fún àkàrà òkú yín tó jí. Fọ ẹ̀jẹ̀ kúrò lára agbádá náà dáadáa. Ọlọ́run yóò ṣọ́ ọ ní ọ̀nà, ilé rẹ yóò kún fún ọmọ.

Ṣùgbọ́n ìwọ fúnra rẹ ni kí o wá gbé ìyàwó o. Má gbé agbádá yẹn wọ ẹlòmíràn kí o sì rán an sí wa.

Èmi bàbá rẹ,
Imorou