Ọkùnrin Inú Fóònù Kò Mu Kọfí Wa

Ylva ọmọ mi,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Ṣé o ń jẹun dáadáa ní Stockholm? Àwa ńlé wà pa, a dúpẹ́, ọ̀dùnkún tuntun ti jáde, bàbá rẹ ṣì ń bá orúnkún rẹ̀ jà. Ọlọ́run ò ní jẹ́ ká gbọ́ ohun burúkú nípa rẹ.

O ní kí n kọ́kọ́ dán orin ọ̀fẹ́ tó o fi sínú fóònù mi wò, kí n sọ bóyá kó o máa sanwó fún èyí tó jù ú lọ. Wò ó, òun ló yọ wá! Evert tó ń ta gòjé fún wa lọ́dọọdún já bọ́ lórí àkàbà, ó dá lápá. Ọkàn mi ti bàjẹ́ pé kò ní sí ijó àjọ̀dún àárín ìgbà ooru lábẹ́ òpó olódòdó lọ́dún yìí, bẹ́ẹ̀ ó ń wù mí kí bàbá rẹ tún bá mi jó, torí èṣí, orí àga ló wà tó ń wo ẹsẹ̀ ẹlòmíì.

Fóònù náà kọrin o, àmọ́ olóríkunkun ni. Mo ní kó fún wa ní orin ijó pólíkà, ó gbé orin Kérésì jáde, mo fẹ́ fo ìyẹn, ó ní mo ti fo orin tó. A kúkú jó Kérésì nínú oòrùn.

Ọkùnrin kan tún wà nínú ẹ̀ tó máa ń dá orin dúró kó lè sọ̀rọ̀ táyà tó ń tà. Mo rò ó, mo rí i pé òun ló ń sanwó orin fún wa. Ṣé ká wá máa jẹ nǹkan onínǹkan ká má dá a lóhùn ni? Gbogbo wa dúró, àwọn ọkùnrin ṣí fìlà, a tẹ́tí. Gudrun aládùúgbò wa fẹ́ máa rojọ́, mo wò ó lójú kan, ó panu mọ́. Mo bu kọfí fún ọkùnrin náà, mo gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ fóònù pẹ̀lú bisikíìtì oríṣi méje. Kò fọwọ́ kàn án. Ọmọ mi, ta ni kì í mu kọfí?

Àmọ́ gbọ́ eléyìí. Bàbá rẹ ní òun á jó ẹyọ kan péré. Bí orúnkún ṣe fẹ́ bẹ̀rẹ̀ wàhálà báyìí, ọkùnrin yẹn dé pẹ̀lú táyà rẹ̀, bàbá rẹ jókòó, ó mu kọfí àlejò, ó tún dìde. Bẹ́ẹ̀ ló ń ṣe títí ijó fi parí! Mo sunkún, mi ò purọ́. Evert kì í dá gòjé dúró fún ẹnikẹ́ni.

Gudrun wá sọ pé owó tó o fẹ́ san yẹn ni wọ́n fi ń lé ọkùnrin náà lọ. Jọ̀ọ́, má san án. Fi ránṣẹ́ ká fi ra òróró ìwọ́ra fún orúnkún bàbá rẹ, kọfí náà ti ń tán. Kó o sì bá mi ra táyà kan lọ́wọ́ ọkùnrin yẹn. A ò ní mọ́tò, àmọ́ ojú ń tì mí.

Ọlọ́run á máa ṣọ́ ẹ. Nínú ìlú tó o ti ń sáré kiri yẹn, á rán ẹni tó máa dá ìwọ náà dúró sí ẹ, kó o lè jókòó, kó o mí, kó o tún dìde jó.

Èmi ìyá rẹ,
Solveig