Ojú Tí Baba Lavrénti Fi Ń Ya Fíìmù

Irọ́ ni Gẹ́nka pa fún yín, Àǹtí Ráísa! Èmi Kóstíà ni mo sá fún un? Eyín rẹ̀ méjì ṣì wà lápò mi!

Ẹ kú àtijọ́. Mo kí ọkọ yín àtàwọn ọmọ. Ẹsẹ̀ Màmá tó wú ti ń rọlẹ̀.

A fọ́ àwo mọ́ ẹsẹ̀ kámẹ́rà fún oríire, bí àṣà àwa onífíìmù tá a bá ń bẹ̀rẹ̀ fíìmù tuntun ní Petersburg. Baba Lavrénti ọ̀gá mi ní kí Gẹ́nka tó ń tan iná fún wa pa iná ẹ̀, oòrùn ojú fèrèsé nìkan làwọn fi ń yàwòrán. Gẹ́nka ní, "Baba arúgbó, òkùnkùn lẹ kàn ń yà kiri!" Ló bá mú àfọ́kù àwo, ó fi ya ojú kan ṣoṣo tí baba fi ń ríran, tó fi ń wo kámẹ́rà. Mo lù ú bí ẹni lu ejò.

Àǹtí, ẹ bá wa wá dókítà ojú ní Háífà tẹ́ ẹ wà. Lọ́sàn-án gangan ni baba bi mí pé, "Kóstíà, ṣé ilẹ̀ ti ṣú ni?"

Ojú yín ò ní fọ́ láéláé. Màmá ni kẹ́ ẹ pè o. Àwọn ẹ̀gbọ́n Gẹ́nka ń fi irin wá mi kiri, mo ti pa fóònù mi.