Ohun Tí Mo Sọ fún Túbọ̀mu Níwájú Kámẹ́rà

Ọjọ́ Ajé, 3 Oṣù Kẹrin, 1916

Àwọn onísinimá wọ ìlú wa lónìí. Wọ́n ní kò sí eruku tó dà bíi ti Aríṣónà wa yìí. Ìtàn Harlan Stroud ni wọ́n fẹ́ yà, ṣẹ́rífù wa àtijọ́ tí gbogbo ìlú ń pè ní Túbọ̀mu: bó ṣe mú olè ẹṣin lọ́dún 1884, tí kò dúró de adájọ́ kó tó yẹgi fún un. Òun fúnra rẹ̀ ni yóò ṣe ara rẹ̀ nínú sinimá náà.

Amos ọkọ mi ni wọ́n ń pè ní olè náà. Amos kò jí ẹṣin kankan. Túbọ̀mu ló ta ẹṣin tí wọ́n ní ó jí. Ọdún méjìlélọ́gbọ̀n ni mo ti ń sọ ọ́. Wọ́n ní ọ̀fọ̀ ló dà mí lórí rú.

Ludie, ọmọ-ọmọ mi, ló ń bá mi kọ èyí. Mo ní kó má bá mi tún un ṣe.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 4

Ọ̀gá àwọn onísinimá wá. Ó ní kí n wá ṣe ìyàwó olè: kí n kúnlẹ̀, kí n dúpẹ́ lọ́wọ́ ṣẹ́rífù. Ludie fẹ́ lé e jáde. Mo bi ọ̀gá náà pé kí ni n óò sọ. Ó ní, "Ohunkóhun tó bá wù yín, Màmá. Kí ẹnu yín ṣáà máa mì. Sinimá kì í gbé ohùn; kò sẹ́ni tó máa gbọ́."

Mo gbà.

Ọjọ́rú, 5

Mo fi kíkúnlẹ̀ dánra wò. Orúnkún ò gbà.

Ọjọ́bọ̀, 6

A ṣe é. Mo kúnlẹ̀ tipátipá, mo di ọwọ́ Túbọ̀mu mú. Mo ní, "Ìwọ lo ta ẹṣin yẹn, Harlan Stroud. O wá yẹgi fún ọkọ mi." Ojú rẹ̀ funfun bí ìyẹ̀fun. Ó fèsì — ariwo kámẹ́rà kò jẹ́ kí n gbọ́. Ọ̀gá ń pariwo: "Ẹ wo ojú ọmọlúàbí! Ẹ má mira!"

Wọ́n fún wa ní kọfí. Túbọ̀mu da tirẹ̀ sára ṣòkòtò.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 17 Oṣù Kẹfà

Sinimá náà dé. Gbogbo ìlú kún gbọ̀ngàn. Mo kúnlẹ̀ lára aṣọ funfun, ẹnu mi mì, ọ̀rọ̀ tí àwọn onísinimá kọ jáde lẹ́yìn rẹ̀, Ludie kà á sí mi létí: "Ọlọ́run á bù kún yín, Ṣẹ́rífù. Òdodo lẹ ṣe." Wọ́n pàtẹ́wọ́. Túbọ̀mu dìde, ó ṣí fìlà fún wọn.

Enos tó ń rán bàtà bú sẹ́rìn-ín. Adití ni Enos láti ìbí. Ẹnu èèyàn ló máa ń wò kó tó mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Nígbà tí ẹnu Túbọ̀mu mì lára aṣọ náà, ẹ̀rín Enos gbẹ. Ó kọ nǹkan sórí síléètì rẹ̀, ó nà án sí pásítọ̀. Pásítọ̀ kà á sókè kó tó mọ ohun tó ń kà:

"Obìnrin: Ìwọ lo ta ẹṣin yẹn. O wá yẹgi fún ọkọ mi. Ṣẹ́rífù: Bẹ́ẹ̀ ni. Ta ló máa gbà ọ́ gbọ́?"

Túbọ̀mu kò tíì dé fìlà rẹ̀ padà.

Ọjọ́ Àìkú, 18

Onísinimá fẹ́ máa lọ, ìlú ò jẹ́. Wọ́n ní kó tún un fi hàn lọ́sàn-án yìí. Àwọn arúgbó tó bá Túbọ̀mu fa okùn lọ́jọ́ tó yẹgi fún Amos ló ń pariwo jù; wọ́n fẹ́ fojú ara wọn ka ẹnu rẹ̀. Wọ́n ti fi àga sílẹ̀ fún mi níwájú.

N óò lọ. N kò mọ̀wé, ṣùgbọ́n èyí, mo lè kà á.