Èmi Ni Onídùúró Gàfárù

Ẹlẹ́yẹlé, Ìbàdàn.
Ọjọ́ Àìkú.

Surajudeen, àbúrò mi ọ̀wọ́n,

Kí àlàáfíà Ọlọ́run máa bá ìwọ àti ìyàwó rẹ gbé ní Jẹ́bà níbẹ̀. Mo gbàgbọ́ pé ara yín le. Èmi náà ò dùbúlẹ̀ àìsàn, ṣùgbọ́n ọkàn mi ò balẹ̀ rárá. Bí mo bá jókòó, màá dìde. Bí mo bá dìde, mi ò mọ ibi tí mò ń lọ. Lẹ́tà ni mo kọ kí o lè gbọ́ mi tán kí o tó fèsì.

O ti gbọ́ pé wọ́n fún Gàfárù ọmọ rẹ ní béèlì. O ò gbọ́ bí a ṣe rí i gbà. Nígbà àkọ́kọ́ tí lọ́yà bẹ̀bẹ̀, adájọ́ kọ̀ jálẹ̀. Obìnrin ni, ohùn rẹ̀ tutù. Ó ní Ikrimah, akẹ́kọ̀ọ́ tó mu ọtí tí Gàfárù po oògùn mọ́ l'Ágbowó, ṣì wà nílé ìwòsàn tí kò mọ ẹni tó ń pè é, àti pé bó bá kú, ẹjọ́ ìpànìyàn ni yóò dà. Ó ní ká padà wá nígbà tí àwọn dókítà bá sọ ibi tọ́rọ̀ dé.

Àṣé tramadọ́ọ̀lù ni ọmọ rẹ ń lọ̀ sínú paraga! Àgbo jẹ̀díjẹ̀dí ló pè é fún wa. Èmi tí mi ò fẹnu kan ọtí rí, èmi ni mo ń bá a ra egbò àti èèpo igi lọ́jà, tí mo tún ń ṣàdúà kó tà. Inú bí mi débi pé mo ní kó jókòó sí àtìmọ́lé kó jẹrà. Nígbà tílẹ̀ mọ́, mo gbé oúnjẹ lọ fún un.

Mo wá ń lọ wo Ikrimah. Mò ń gbé ọbẹ̀ ẹja lọ, mò ń fọ aṣọ rẹ̀, mò ń tọrọ ẹ̀mí rẹ̀ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Zùwáírátù ìyá rẹ̀ ń wò mí, kò lé mi. Lọ́jọ́ kan ló bi mí pé, “Alájà, ṣé ọmọ mi lẹ̀ ń ṣàdúà fún, àbí béèlì tiyín?” Ní tòótọ́, méjèèjì ni. Ojú tì mí.

Ọlọ́run gbọ́. Ikrimah lajú, ó jẹun, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹsẹ̀ rẹ̀ ò tíì gbé e dáadáa. Adájọ́ gbà, ṣùgbọ́n ó ní onídùúró gbọ́dọ̀ jẹ́ ẹbí Gàfárù gan-an, kó sì nílé tirẹ̀ n'Ìbàdàn. Ta ló kù? Ilé tí mo fi òwò ẹja yíyan kọ́ ni mo kó ìwé rẹ̀ fún kóòtù. Adájọ́ wò mí lójú, ó ní, “Màmá, bó bá sá, ẹ̀yin la ó mú o.” Mo ní mo gbọ́.

Ọmọ náà ò tíì simi nílé mi tí o fi pè é pé kó máa bọ̀ ní Jẹ́bà, pé ọ̀rọ̀ á rọlẹ̀. Ìwọ Súrájù! Mo jí kírun àsùbáà lánàá, mi ò bá a ní yàrá. Mo wọ kẹ̀kẹ́, mo wọ mótò, ìborùn mi ń já bọ́, ó di ibùdókọ̀ Òjóò, níbi tí wọ́n ti ń wọkọ̀ lọ sọ́nà Jẹ́bà. Inú bọ́ọ̀sì Ìlọrin ni mo ti rí i, lẹ́yìn pátápátá, ó fi fìlà bojú.

Mi ò pariwo, mi ò sì gbá a létí bó tilẹ̀ wù mí. Mo wọlé, mo jókòó tì í. Ó ní, “Ìyá Ẹlẹ́yẹlé, níbo lẹ̀ ń lọ?” Mo ní, “Ibi tí o bá ń lọ. Èmi ni wọ́n máa mú, kúkú jẹ́ ká jọ sá.” Ọkọ̀ kún, awakọ̀ ṣáná sí i, a gbéra. Sálúbàtà ilé ló wà lẹ́sẹ̀ mi, mi ò sì mira. Ìgbà náà lọmọ rẹ bú sẹ́kún, tó jẹ́wọ́ pé ìwọ lo pe òun, tó ní kí wọ́n dúró ká sọ̀ kalẹ̀.

A ò yà sílé. Ilé ìwòsàn la gbà lọ. Zùwáírátù di apá Ikrimah kan mú, ó ń kọ́ ọ rìn. Gàfárù dúró lẹ́nu ọ̀nà, kò lè wọlé. Obìnrin náà wò ó títí, ó ní, “Wá di apá kejì mú.” Gàfárù wọlé, ó dì í mú.

Bí wọ́n bá tún pe ẹjọ́, wá. Wá dúró ti ọmọ rẹ níbi tí gbogbo ayé ti ń wò ó. Kí Ọlọ́run wo Ikrimah sàn délẹ̀, kó fi ọkàn gbogbo wa balẹ̀, kó sì fún ìwọ náà ní ìgboyà baba. Àmín.

Èmi ni ẹ̀gbọ́n rẹ obìnrin,
Mùsílímátù.

Àfikún: Fóònù Gàfárù ti wà lọ́wọ́ mi. Bí o bá pè é, èmi ni màá gbé e.