Ìwàásù tí Ẹ Ní Kí N Kọ Wá

Bàbá mi, ẹ kú ilé o. Ẹ kú iṣẹ́ Olúwa, ẹ sì kú ooru. Mo kí Màmá mi, mo kí gbogbo ìjọ yín.

Níbí ní Scarborough, yìnyín ti dí fèrèsé yàrá abẹ́ ilé tí mo ń gbé, òun nìkan sì ni fèrèsé tí mo ní. Ọjọ́ mìíràn wà tó jẹ́ pé awakọ̀ bọ́ọ̀sì nìkan ni mo máa bá sọ̀rọ̀. Ó sú mi, Bàbá. Ǹ bá wá bá yín sọ ọ́ lójúkojú, ṣùgbọ́n mi ò lè kúrò níbí láìparí ìwé mi.

Màmá pè mí pé ọnọ́rébù tó bá wa kan páànù ṣọ́ọ̀ṣì ń bọ̀ wá jókòó níwájú ìjọ, àti pé ẹ ti kéde pé ọmọ yín, dókítà nínú ìmọ̀ ìtàn, yóò kọ̀wé láti Canada pé ọnọ́rébù náà ni Ọlọ́run yàn kí wọ́n dìbò fún. Wọ́n ní ìjọ pàtẹ́wọ́ títí. Mo ní mi ò tíì di dókítà. Màmá ní ṣé kí ẹ wá padà lọ sọ fún ìjọ pé ẹ ṣi ọ̀rọ̀ sọ ni?

Ẹ máa ń bi mí pé kí ni mo ń kà gan-an. Àwọn oníwàásù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni, láyé ìgbà tí ọba wọn sọ ara rẹ̀ di olórí ìjọ. Ọ̀rọ̀ a máa ti ààfin wá tí wọ́n gbọ́dọ̀ kà fún ìjọ. Ẹni tó bá kọ̀ lè pàdánù ìjọ rẹ̀, ó sì lè dèrò ẹ̀wọ̀n. Ẹlòmíràn á kà á kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ kí etí má baà gbọ́. Mo máa ń fi wọ́n rẹ́rìn-ín tẹ́lẹ̀. Ní báyìí, iwájú ò ṣe é lọ fún èmi náà, ẹ̀yìn ò ṣe é padà sí. Bí mo bá kọ̀, mo dójú tì yín. Bí mo bá kọ ọ́, irọ́ ni mo pa mọ́ Ọlọ́run.

Mo gbìyànjú. Mo kọ ìkíni, mo kọ àdúrà, nígbà tó kan orúkọ ọkùnrin náà, ọwọ́ mi kọ̀. Ẹ̀yin náà lẹ kọ́ mi ní kékeré pé èèyàn kì í parọ́ lórí pẹpẹ. Mi ò mọ ẹni tí Ọlọ́run yàn, Bàbá. Ẹ̀rù yín sì ń bà mí gan-an.

Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, à á fi tọmọ jẹ́ ẹ ni. Ẹ ti ṣèlérí lẹ́tà fún ìjọ, òun ló dé yìí.

Olúwa á dá yín sí fún wa, ẹ̀yin àti Màmá. Kò ní rẹ̀ yín láéláé. Bí ẹ bá gun orí pẹpẹ lọ́jọ́ Sunday, ẹ jọ̀ọ́ Bàbá mi, ẹ má kà á kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́.

Èmi ni ọmọ yín,
Táyọ̀