Orin Mi Fi Ìṣẹ́jú Àáyá Mọ́kànlá Pẹ́

Yàrá Kẹta, Àjà Kejì,
Òpópónà Ilé Ìtẹ̀wé.
Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù Kẹta.

Ẹ̀gbọ́n mi ọ̀wọ́n,

Ṣé ara yín le? Ṣé orúnkún tó ń dùn yín ti ń gbọ́ oògùn? Bàbá àwọn ọmọ ńkọ́? Ṣé àwọn ọmọ ti parí ìdánwò? Àwa náà wà. Ọmọ yín ti ń rákò, kò sí okùn iná tí kò tíì fà nínú ilé yìí. Ọkọ mi, tí ọkọ̀ akẹ́rù rẹ̀ yóò gba ìlú yín kọjá, ni mo fi lẹ́tà yìí rán nítorí mo mọ ara mi: bí mo bá pè yín lórí fóònù, ẹkún ni n ó fi bẹ̀rẹ̀, ẹ ó sì ní kí n lọ sinmi.

Ẹ rántí fíìmù tí mò ń ṣe orin sí, ti bàbá aránṣọ tí ojú rẹ̀ ń fọ́. Òun ni fíìmù gígùn àkọ́kọ́ tí ẹnikẹ́ni gbé fún mi. Kì í ṣe ilé iṣẹ́ ńlá ló ń ṣe é. Obìnrin kan ló kọ ọ́, òun náà ló ń darí rẹ̀, nínú pálọ̀ rẹ̀ ni wọ́n ti ń gé e. Fíìmù kéékèèké mẹ́ta ni mo ti bá a ṣe kó tó fọkàn tán mi débi èyí.

Ẹ̀gbọ́n mi, mo ti ba nǹkan jẹ́. Ní ọ̀sẹ̀ tí ibà dá ọmọ dúró sílé ìwòsàn, ẹni tó ń gé fíìmù fi ẹ̀dà tuntun ránṣẹ́ sí mi. Mo rò pé èyí tó wà lọ́wọ́ mi ni wọ́n tún fi ránṣẹ́, mi ò ṣí i. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún gbáko ni mo fi ṣe orin sí ẹ̀dà àtijọ́. Onífèrè wá, ó fun tirẹ̀ fún ọjọ́ méjì, ó ti rìnrìn àjò lọ. Ìgbà tí wọ́n so orin mọ́ àwòrán ní Ọjọ́bọ̀ tó kọjá ni àṣírí tú. Wọ́n ti yọ díẹ̀ níbí, wọ́n yọ díẹ̀ lọ́hùn-ún, àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ ìṣẹ́jú àáyá mọ́kànlá. Ìgbà tí òwú bá wọ ojú abẹ́rẹ́ bàbá náà ló yẹ kí fèrè dún. Bàbá ti dé fìlà, ó ti jáde, kí fèrè tó bẹ̀rẹ̀. Àga lásán ni mò ń kọrin fún. Mo ní kí n sún orin náà síwájú; bí ibì kan ṣe ń bọ́ sípò ni ibi mẹ́ta mìíràn ń wọ́.

Ẹni tó ń gé fíìmù rẹ́rìn-ín títí. Olùdarí ò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Onídùùrù, fíìmù ta lo wò?" Ó ní ọjọ́ Ẹtì, ogúnjọ́ oṣù yìí, lòun ní láti fi fíìmù náà lé àwọn tó fẹ́ gbé e jáde lọ́wọ́. Tápá mi ò bá ká a, kí n sọ kó tó di Ọjọ́rú ọ̀túnla, òun á wá ẹlòmíràn, òun ò ní bá mi jà. Ìyẹn gan-an ló já mi láyà. Ká ní ó bú mi ni, ọkàn mi ì bá balẹ̀.

Mi ò sọ fún un pé ara ọmọ ò yá nígbà náà. Lọ́dún tó kọjá, olùdarí kan gbọ́ igbe ọmọ lórí fóònù, kò pè mí mọ́. Láti ìgbà yẹn, ṣe ni mò ń sọ fún gbogbo ayé pé ọmọ mi kì í dí mi lọ́wọ́. Irọ́ ni. Ẹ̀yìn mi ló máa ń wà tí mo bá ń gba orin sílẹ̀. Bó bá ti húkọ́, àfi kí n tún un ṣe.

Orin mẹ́rìnlá ló wà nílẹ̀, dùùrù ni mo sì ní láti fi dí gbogbo àlàfo tí fèrè fi sílẹ̀. Bí ilé bá dákẹ́ fún ọjọ́ mẹ́fà, mo lè ṣe é. Mo rò pé mo lè ṣe é. Ẹ sì mọ̀ pé ọkọ mi ò ní sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ akẹ́rù yẹn títí oṣù yóò fi dá sí méjì.

Ẹ ti bi mí rí pé, "Ta ló ń gbọ́ orin nígbà téèyàn ń sọ̀rọ̀ nínú fíìmù?" Inú bí mi lọ́jọ́ náà. Ní báyìí, ẹ̀rù ń bà mí pé bóyá òótọ́ lẹ sọ. Mi ò ní kẹ́ ẹ gbà pé iṣẹ́ ni. Ọmọ ni mo ní kẹ́ ẹ wá bá mi gbé. Ó ti ń jẹun, kì í sì í yọ èèyàn lẹ́nu tí wọ́n bá ti fún un ní ṣíbí tí yóò máa fi lu ilẹ̀.

Bí orúnkún yín ò bá gbà, ẹ má sọ pé ẹ ó máa wò ó. Ẹ sọ fún ọkọ mi pé rárá, kó pè mí lọ́la, kí n lè fẹnu ara mi dá iṣẹ́ náà padà.

Ẹ bá mi kí bàbá àwọn ọmọ, ẹ bá mi fọwọ́ pa àwọn ọmọ lórí.

Èmi ni àbúrò yín tí ń retí ìpè,
Kékeré.